Ta ló rán wọn níṣẹ́? Ìdáhùn sí ìbéèrè yín lórí iṣẹ́ àpọ́sítélì

Ìbéèrè tó wọlé lórí ọ̀rọ̀ àpọ́sítélì lóṣù yìí ju ohun tí ojú ìwé yìí lè gbà lọ. A mú márùn-ún nínú wọn.

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin olóòtú. Ní Sọ́ńdè Sùkúù, wọ́n kọ́ wa pé àpọ́sítélì méjìlá ni Jésù yàn. Lónìí, pátákó ìjọ mẹ́ta ló gbé orúkọ àpọ́sítélì ládùúgbò wa. Ṣé àpọ́sítélì ṣì wà ni, àbí orúkọ lásán ni? — Ìyá ìjọ kan, Òṣogbo

Ẹ ṣeun mà. Ọ̀rọ̀ Gíríìkì náà, apostolos, kò ju “ẹni tí a rán” lọ. Oríṣi méjì ló wà nínú Májẹ̀mú Tuntun, àìyà wọ́n sọ́tọ̀ ló ń dá ìjà sílẹ̀. Àkọ́kọ́ ni àwọn méjìlá. Nígbà tí wọ́n fẹ́ fi ẹlòmíì rọ́pò Júdásì, wọ́n ní ó gbọ́dọ̀ jẹ́ ẹni tó ti wà láàárín wọn láti ìgbà ìrìbọmi Jòhánù, tó sì lè jẹ́rìí àjíǹde (Ìṣe 1:21-22). Kò sí alààyè kankan lónìí tó lè dúró lórí ìyẹn. Pọ́ọ̀lù pàápàá pe ara rẹ̀ ní ẹni tó kẹ́yìn láti rí Olúwa (1 Kọ́ríńtì 15:8). Éfésù 2:20 pè wọ́n ní ìpìlẹ̀, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo la sì ń fi ìpìlẹ̀ ilé lélẹ̀.

Èkejì ni àwọn tí ìjọ rán níṣẹ́. Bánábà wà nínú wọn (Ìṣe 14:14). Ẹpafíródítù wà níbẹ̀ (Fílípì 2:25), àti àwọn tó bá Títù kó owó ìrànwọ́ àwọn ẹni mímọ́ (2 Kọ́ríńtì 8:23). Ọ̀rọ̀ Gíríìkì kan náà ló wà ní ẹsẹ méjì tó kẹ́yìn yìí, àmọ́ “ìránṣẹ́” ni Bíbélì Yorùbá pè é. Irú èyí kò tíì tán láyé. Ọ̀pọ̀ ìjọ Onítẹ̀bọmi kì í fi àpọ́sítélì pe ẹnikẹ́ni, míṣọ́nnárì ni wọ́n ń wí. Iṣẹ́ ọ̀hún náà ni. Nínú Kérúbù àti Séráfù, ìpele oyè ni. Kò burú, kí á ṣáà mọ̀ pé oyè nìyẹn, ẹni tó gbà á lè má kúrò nílùú rẹ̀ títí ayé.

Torí náà, mà, bí ẹ bá rí pátákó, ẹ béèrè nǹkan mẹ́ta: ta ló rán an, ibo ni wọ́n rán an lọ, ta ló ń jábọ̀ fún? Àwọn àgbà ní ẹni tó rán ni níṣẹ́ là ń bẹ̀rù, a kì í bẹ̀rù ẹni tí a ó jẹ́ ẹ fún. Àpọ́sítélì tí kò ní ẹni tó rán an, ta ni yóò bẹ̀rù?

Ìyàtọ̀ wo ló wà láàárín àpọ́sítélì àti ààrẹ ìjọ? Lọ́dọ̀ tiwa, ẹni tó bá ti di àpọ́sítélì ló ni àṣẹ owó, àṣẹ ilẹ̀ àti àṣẹ yíyan pásítọ̀. — Díákónì, Adó-Èkìtì

Ẹ wo Ìjọ Àpọ́sítélì Kristi (C.A.C.). Gbogbo ayé ló ń pe Joseph Ayọ̀ Babalọlá ní Àpọ́sítélì. Awakọ̀ ẹ̀rọ tó ń tẹ títì ni nígbà tí ìpè náà bá a lọ́dún 1928, òun náà ni ìsọjí ńlá Òkè-Ooye, Iléṣà, ti ọdún 1930 ti ọwọ́ rẹ̀ bẹ́ sílẹ̀. Síbẹ̀, nígbà tí wọ́n forúkọ ìjọ sílẹ̀ lọ́dún 1943, kì í ṣe òun ló jẹ ààrẹ. Isaac Akínyẹlé, ẹni tó di Olúbàdàn lọ́dún 1955, ni ààrẹ. Ajíhìnrere Àgbà ni Babalọlá, ipò yẹn ló sì wà títí ó fi sùn lóṣù keje 1959. Ẹnì kan ń lọ, ẹnì kan jókòó ti ìwé àti owó. Ẹni tó ń ti ìlú dé ìlú kò lè máa bójú tó àkáǹtì, ẹni tó sì jókòó ti àkáǹtì kì í tètè rántí abúlé tí ìhìnrere ò tíì dé. Bí ẹ bá kó méjèèjì lé ẹnì kan lórí, ọ̀kan yóò kú, iṣẹ́ míṣọ̀n ló sì sábà máa ń kú.

Ìjọ wa ní Ìlọrin, àwa bí àádọ́jọ, fẹ́ rán tọkọtaya kan lọ dá ìjọ sílẹ̀ ní abúlé àwọn Bàrùbá ní Bàrùtẹ́n. Níbo ni ká ti bẹ̀rẹ̀? — Akọ̀wé ìgbìmọ̀ míṣọ̀n

Inú wa dùn sí lẹ́tà yìí gan-an. Ẹ bẹ̀rẹ̀ látorí ẹni tí ẹ fẹ́ rán. Olùkọ́ àti wòlíì márùn-ún ni Ìṣe 13:1 dárúkọ ní Áńtíókù, méjì tó dáńgájíá jù ni wọ́n sì yọ̀ǹda. Ìjọ míì máa ń rán ẹni tí wọn ò mọ ohun tí wọn yóò fi ṣe nílé. Onítọ̀hún á padà láàárín oṣù mẹ́fà.

Ẹ lọ wo ibẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì kí ẹ tó pinnu, kí ọ̀kan bọ́ sí àsìkò òjò, torí ọ̀nà tí alùpùpù ń gbà lóṣù kejì lè di ẹrẹ̀ lóṣù kẹjọ. Ọ̀dọ̀ olórí abúlé ni ẹ ó kọ́kọ́ yà. Bí ìjọ míì bá ti wà níbẹ̀, ẹ sún síwájú. Pọ́ọ̀lù kò fẹ́ mọlé sórí ìpìlẹ̀ ẹlòmíì (Róòmù 15:20).

Lẹ́yìn náà ni èdè. Bíbélì wà ní Baatonum, èdè àwọn Bàrùbá, àwọn tó ń sọ ọ́ ní Nikki àti Parakou ní Benin sì pọ̀ ju tiwa lọ, nítorí náà ẹ lè rí olùkọ́. Ẹ fún tọkọtaya náà ní oṣù mẹ́fà sí ọdún kan tí ẹ kò ní béèrè iye ọkàn tí wọ́n jèrè, kí wọ́n ṣáà máa kọ́ èdè. Ajayi Crowther tẹ ìwé ọ̀rọ̀ Yorùbá jáde lọ́dún 1843, kó tó wá ṣiṣẹ́ ní Abẹ́òkúta lọ́dún 1846, ọmọ Yorùbá sì ni! Ẹni tó bá ń fi ògbufọ̀ wàásù lọ́dún kẹta yóò wà bí àlejò títí.

Owó ló ń ba iṣẹ́ yìí jẹ́ jù. Ẹ ṣírò owó ilé ọdún kan, oúnjẹ, epo alùpùpù, owó ilé ìwé àwọn ọmọ àti ìtọ́jú ara, fún oṣù méjìlá. Ẹ kọ orúkọ àwọn tó ṣèlérí àti iye tí wọn yóò máa dá lóṣooṣù. Bí àpapọ̀ kò bá tíì pé, ẹ dúró. Ohun tó sábà ń ṣẹlẹ̀ ni pé owó á wọlé fún oṣù mẹ́ta, ìtara á tutù, ebi á wọlé tọ míṣọ́nnárì, òun náà á bẹ̀rẹ̀ sí í fojú owó wo igbá ọrẹ. Ibẹ̀ ni àwọn ará abúlé ti máa ń padà lẹ́yìn rẹ̀.

Ẹ kọ ìwé ìránniníṣẹ́: ibi tí wọ́n ń lọ, ọdún mélòó (ọdún méjì tó láti fi bẹ̀rẹ̀), ẹni tí wọn yóò máa jábọ̀ fún, ohun tí wọ́n lè dá pinnu, àti ohun tí wọn ò gbọ́dọ̀ dá ṣe, bíi ríra ilẹ̀ tàbí fífi ẹnikẹ́ni joyè. Ẹ kọ ọ́ síbẹ̀ pé bí ibà bá mú wọn, ilé ìwòsàn ni kí wọ́n lọ, ẹ ó san án. Èyí kì í ṣe ọ̀rọ̀ kékeré. Àwọn àgbà Ìjọ Àpọ́sítélì láti Bírítéènì dé Èkó lọ́dún 1931 láti bá àwọn ará ilé ṣiṣẹ́. Nígbà tó fi máa tó ọdún mẹ́wàá, kuiníìnì tí àwọn òyìnbó ń lò sí ibà ti tú wọn ká, torí àwọn ará ilé gbà pé àdúrà nìkan tó.

Kí ìròyìn máa wá lóṣù mẹ́ta mẹ́ta, ojú ìwé kan péré: iye tó ń wá, iye tó ṣèrìbọmi, owó tó wọlé àti èyí tó jáde, wàhálà tó wà. Ẹ̀ẹ̀kan lọ́dún, kí wọ́n wá dúró síwájú ìjọ bí Pọ́ọ̀lù àti Bánábà ti ṣe (Ìṣe 14:27).

Ọ̀rọ̀ àwọn alàgbà wá ńkọ́? Láti ọjọ́ ìsìn àkọ́kọ́, kí ọmọ abúlé méjì tí kì í ṣe ìbátan máa ka ọrẹ, kí wọ́n kọ iye rẹ̀ sílẹ̀ lójú ẹsẹ̀, kí àwọn méjèèjì fọwọ́ sí i. Ẹ má fi ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gbàgbọ́ ṣe alàgbà (1 Tímótì 3:6), ẹ má sì fa yíyàn náà di ọdún mẹ́wàá. Henry Venn, akọ̀wé ẹgbẹ́ míṣọ̀n CMS láyé Crowther, ní ìjọ tuntun gbọ́dọ̀ lè bọ́ ara rẹ̀, kó ṣàkóso ara rẹ̀, kó sì tan ara rẹ̀ kálẹ̀. Ọ̀nà tí ẹ lè gbà dán an wò rọrùn: ẹ pe tọkọtaya náà wálé fún ọ̀sẹ̀ mẹ́rin. Bí ilẹ̀kùn ilé ìjọsìn bá ṣí ní Sunday kẹrin tí ẹnì kan nínú àwọn ará abúlé sì wàásù, ó ti tó láti máa múra à ti fi iṣẹ́ lé wọn lọ́wọ́.

Àpọ́sítélì wa kò gba ìbáwí. “Ẹni àmì òróró” ni wọ́n ní àwọn. Wọ́n sì ti fi owó ìjọ ra ilẹ̀ lórúkọ ara wọn. Kí ni ká ṣe? — Ọmọ ìjọ, Abẹ́òkúta

Ẹ má tíì fi ìjọ sílẹ̀, ẹ má sì tíì gbé e sórí Facebook. Ẹ kọ́kọ́ wádìí kó dá yín lójú: orúkọ ta ló wà lórí rìsíìtì ilẹ̀ àti lórí sọ́fè, àwọn wo ló ń fọwọ́ sí ìwé owó ní báńkì, ṣé ìjọ ti forúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ Corporate Affairs Commission, ta sì ni àwọn alámòójútó dúkìá rẹ̀? Orúkọ àwọn alámòójútó yìí, gẹ́gẹ́ bí ẹgbẹ́, ló yẹ kí ilẹ̀ ìjọ wà. Kí àgbà méjì tàbí mẹ́ta bá wọn sọ ọ́ nílé, tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀, pẹ̀lú ìwé lọ́wọ́ (1 Tímótì 5:19). Ẹ bẹ̀ wọ́n kí wọ́n yí orúkọ padà, ẹ sì dá ọjọ́ fún un. Bí wọ́n bá kọ̀, kí ọ̀rọ̀ lọ sí ìgbìmọ̀ ìjọ, lẹ́yìn náà sọ́dọ̀ lọ́yà.

Ní ti pé a kì í bá ẹni àmì òróró wí, Pọ́ọ̀lù bá Pétérù wí lójú gbogbo ènìyàn ní Áńtíókù (Gálátíà 2:11-14), Olúwa sì yin ìjọ Éfésù torí pé wọ́n dán àwọn tó pe ara wọn ní àpọ́sítélì wò (Ìfihàn 2:2). Didache, ìwé ìlànà ìjọ àtijọ́ kan, tilẹ̀ sọ pé àpọ́sítélì tó bá béèrè owó nígbà tó ń lọ, wòlíì èké ni. Pọ́ọ̀lù kò jẹ́ kí ọwọ́ òun nìkan kan owó ìrànwọ́. Ó fi àwọn mìíràn tì í kí ẹnikẹ́ni má bàa rí ẹ̀sùn fi kàn wọ́n (2 Kọ́ríńtì 8:20).

Ṣé obìnrin lè jẹ́ àpọ́sítélì? — Ọ̀dọ́bìnrin, Ìbàdàn

Róòmù 16:7 kí Ándíróníkù àti Júníà pé wọ́n lókìkí láàárín àwọn àpọ́sítélì. John Chrysostom, bíṣọ́ọ̀bù Kọnsitantinópù tí Gíríìkì jẹ́ èdè abínibí rẹ̀, ka Júníà sí obìnrin àti àpọ́sítélì. Àwọn kan túmọ̀ ẹsẹ náà pé àwọn àpọ́sítélì mọ̀ wọ́n dáadáa ni, ìjọ kọ̀ọ̀kan sì ní ìlànà tirẹ̀ lórí oyè. Ṣùgbọ́n ní ti iṣẹ́ ìránniníṣẹ́ fúnra rẹ̀, ìyàwó tó kọ́ èdè Bàrùbá lẹ́nu àwọn obìnrin ìdí kànga yóò wọ ilé tí ọkọ rẹ̀ kò lè wọ̀. Akọ̀wé Ìlọrin, ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ orúkọ àwọn méjèèjì sínú ìwé náà.