Ẹ Bi Ìyá Olùkọ́: "Wọ́n ní orúkọ ẹran ni wọ́n sọ mí"

Ìyá Olùkọ́, ẹ kú iṣẹ́ o. Dorcas ni orúkọ mi, ọmọ ọdún 24 ni mí, Òṣogbo ni mo ti ń ṣiṣẹ́. Bàbá bàbá mi ló sọ mí lórúkọ yìí lọ́jọ́ tí wọ́n kó mi jáde, wọ́n sì ti kú kí n tó gbọ́n débi tí n ó bi wọ́n nídìí rẹ̀. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, Caleb tí a jọ wà ní ọ́fíìsì tẹ fóònù rẹ̀ títí, ó ní òun ti rí ìtumọ̀ Dorcas: ẹran inú igbó. Láti ọjọ́ náà, bí mo bá ti yọjú níbi tí a ti ń jẹun ọ̀sán, "Ẹran Ìgbẹ́ ti dé" ni wọ́n fi ń kí mi. Ẹ̀gbọ́n mi tó wà ní Houston tún ní kí n yáa pa á dà, pé bí mo bá dé Amẹ́ríkà, yẹ̀yẹ́ ni wọn ó fi mí ṣe. Ṣé òótọ́ ni Caleb sọ? Ṣé kí n pa á dà?
Dorcas, Òṣogbo

Dorcas ọmọ mi, òótọ́ ni Caleb sọ. Ibi tó yẹ kó ti bẹ̀rẹ̀ ìtàn ló kàn ti dákẹ́.

Gíríìkì ni orúkọ rẹ. Dorkas ni wọ́n ń pe ẹranko kan tó ṣe bí ẹtu, ẹlẹ́sẹ̀ tínínrín, tí èjìká rẹ̀ fi díẹ̀ ga ju orúnkún àgbàlagbà lọ, tí ojú rẹ̀ tóbi, tó dúdú, tó ń dán. Ojú yẹn ni wọ́n tẹjú mọ́ jù. Àwọn Gíríìkì ayé àtijọ́ so orúkọ ẹran náà mọ́ ọ̀rọ̀ wọn kan, derkomai, tó túmọ̀ sí pé kéèyàn ríran kedere. Nígbà tí Linnaeus, ọmọ ilẹ̀ Sweden tó to orúkọ ẹranko àti ewéko ayé lẹ́sẹẹsẹ, ń kọ ìwé rẹ̀ ní ọdún 1758, ó fi dorcas sọ irú ẹran yìí kan lórúkọ, orúkọ náà kò sì kúrò lára rẹ̀ títí dòní. Ẹran ọ̀hún ṣì wà ní aṣálẹ̀ Sàhárà àti ní Sínáì. Kò wúwo tó àpò ìrẹsì kékeré, torí kì í sábà ju kílò 20 lọ. Ó sì lè pẹ́ gan-an láìfẹnu kan omi. Omi inú ewé tó ń jẹ ti tó o.

Báwo ló ṣe wá di orúkọ obìnrin? Ṣí Ìṣe Àwọn Àpọ́stélì, orí 9, ẹsẹ 36. Ní Jọ́pà, ìlú etí òkun tí wọ́n ń pè ní Jaffa báyìí, tó ti di ara ìlú Tel Aviv, obìnrin kan wà tó ń jẹ́ Tabita. Èdè Árámáíkì nìyẹn, èdè tí wọ́n ń sọ nílé. Gíríìkì ni Lúùkù fi ń kọ ìwé tirẹ̀, ló bá túmọ̀ orúkọ náà fún àwọn tó ń kà á: Dorcas. Ẹran kan náà ni Tabita, òun náà ni Dorcas. Dorka ni Bíbélì Yorùbá tí wọ́n tẹ̀ jáde lódindi ní 1884 kọ ọ́. Nígbà tí mo ń kọ́ ẹ̀kọ́ Bíbélì níléèwé, kò sí ọdún tí akẹ́kọ̀ọ́ kan kì í bá mi jiyàn pé èèyàn méjì ni Dorka àti Dorcas. Ohun kan wà tí àwọn oníwàásù kì í sábà sọ: nínú gbogbo Májẹ̀mú Tuntun, obìnrin yìí nìkan ni wọ́n lo ọ̀rọ̀ Gíríìkì tó dúró fún ọmọ-ẹ̀yìn tó jẹ́ obìnrin fún.

Wàyí o, ta ló ní "ẹran ìgbẹ́" ni a ó túmọ̀ ẹ̀ sí? Bí ìyàwó bá múra tán tó jáde síta, tí àwọn ìyá ọkọ ń pòṣé ìdùnnú, kí ni wọ́n máa ń sọ? "Ọmọ yìí dára bí egbin!" Egbin ni Dorcas. Egbin inú igbó tiwa kì í ṣe ẹran aṣálẹ̀ tiwọn gan-an, ṣùgbọ́n mọ̀lẹ́bí ni wọ́n, iṣẹ́ kan náà ni wọ́n sì ń ṣe lẹ́nu èèyàn. Nínú Orin Sólómọ́nì tí wọ́n túmọ̀ sí Gíríìkì, dorkas yìí náà ni obìnrin náà fi olólùfẹ́ rẹ̀ wé. (Bí o bá máa kọ ọ́ ránṣẹ́ sí Caleb, jọ̀ọ́, má fi àmì sábẹ́ "e" yẹn o. Bí o bá fi sí i, ẹ̀gbin ni yóò kà, o ti tún dá wàhálà mìíràn sílẹ̀.)

N kò mọ bàbá bàbá rẹ, ṣùgbọ́n mo mọ irú wọn. N kò rò pé ẹran ló wà lọ́kàn wọn lọ́jọ́ ìkómọ yẹn. Ìyá mi wà nínú Ẹgbẹ́ Dorcas ní ṣọ́ọ̀ṣì wa ní Ìbàdàn. Ní ọ̀sán Ọjọ́bọ̀, obìnrin mẹ́fà tàbí méje, ẹ̀rọ ìránṣọ Singer ọlọ́wọ́ méjì, àwọn àgékù aṣọ tí wọ́n ti tọrọ lọ́wọ́ àwọn télọ̀. Iṣẹ́ tèmi ni kí n máa ki òwú bọ abẹ́rẹ́, torí ojú wọn kò gbé e mọ́. Aṣọ ọmọ opó ni wọ́n ń rán. Ìyá mi máa ń ṣẹ́ etí aṣọ náà nípọn, ìka mẹ́ta gbáko, kí ìyá ọmọ lè máa tú u sílẹ̀ bí ọmọ ṣe ń ga. Nígbà tí Dorcas kú ní Jọ́pà, tí wọ́n lọ pe Pétérù wá láti Lídà, ẹkún ni àwọn opó ń sun, aṣọ tó rán fún wọn ni wọ́n sì ń fi hàn án. Ìyá mi a máa dúró níbẹ̀ bó bá ń kà á. Á ní, "Pétérù á ti wo ẹ̀yìn aṣọ yẹn. Ẹ̀yìn aṣọ ni wọ́n ti ń mọ télọ̀."

Wá àgbàlagbà kan ní ṣọ́ọ̀ṣì tí bàbá àgbà ń lọ, kí o bi í bóyá ìyá wọn tàbí ìyàwó wọn wà nínú ẹgbẹ́ náà. Ó ṣeé ṣe kí o rí ìdáhùn rẹ níbẹ̀.

Ní ti Houston, ẹ̀gbọ́n rẹ kò purọ́. Àwọn ọ̀dọ́ Amẹ́ríkà ní ọ̀rọ̀ èébú kan, dork, tó ti wà lẹ́nu wọn láti bí ọgọ́ta ọdún, ó sì dún jọ orúkọ rẹ. Kò bá a tan rárá. Ṣùgbọ́n rò ó wò: ìwé ìbúra ní kóòtù, ìkéde nínú ìwé ìròyìn, kí o tún máa gbé gbogbo sábúkéètì rẹ kiri, torí ọ̀rọ̀ ìdí oúnjẹ? Èmi kò ní ṣe é.

Ṣọ́ọ̀ṣì wa kún fún ẹranko, jẹ́ kó yé wọn. Ní èdè Hébérù, Dèbórà, kòkòrò oyin ni. Rákélì, abo àgùntàn. Jónà, àdàbà. Caleb ńkọ́? Ọ̀pọ̀ onímọ̀ èdè náà ló so ó mọ́ ajá. Fi ẹ̀rín sọ ọ́ fún un o, má fi ìjà sọ ọ́.

Ìyá Olùkọ́, Ọlọ́run fi ìbejì obìnrin ta wá lọ́rẹ. Táíwò àti Kẹ́hìndé ti wà nílẹ̀, a wá fẹ́ fi orúkọ Bíbélì kún un: Tabitha fún ti àkọ́kọ́, Dorcas fún èkejì. Kí lẹ rí sí i?
Bàbá Ìbejì, Abẹ́òkúta

Bàbá Ìbejì, ẹ kú oríire. Mo rẹ́rìn-ín nígbà tí mo rí lẹ́tà yín pẹ̀lú ti Dorcas. Ẹ ti ka èsì òkè yìí, ẹ ti rí i pé orúkọ kan ṣoṣo lẹ fẹ́ sọ ọmọ méjì, bí ìgbà tẹ́ ẹ pe ọ̀kan ní Ayọ̀, tẹ́ ẹ pe èkejì ní Joy. Bí Gíríìkì náà lẹ bá fẹ́, Eunice wà, ìyá Tímótì: eu ni rere, nike ni ìṣẹ́gun. Rhoda náà wà, òdòdó róòsì ni, ọmọbìnrin tó gbọ́ ohùn Pétérù lẹ́nu ọ̀nà, tí inú rẹ̀ dùn débi pé ó sáré wọlé lọ ròyìn láìṣílẹ̀kùn. Bí Kẹ́hìndé bá wá ń gbàgbé yín síta, ẹ má kọ̀wé sí mi.