Ìbéèrè Yín: Òfin Èdìdì Olóògùn

Ìbéèrè: Nínú ìtàn àròsọ tí mò ń kọ, èdìdì olóògùn ni wọ́n ń tẹ̀ sí ìwé ọba. Òfin wo ló yẹ kó de é?

Ìdáhùn: Ẹ wo bí àwọn oníjìbìtì ṣe ń fi èdìdì gidi ṣe èrú ná. Ní Yúróòpù àtijọ́, ìda oyin tí wọ́n pò mọ́ oje igi ni wọ́n fi ń ṣe èdìdì. Oníjìbìtì á ti ọ̀bẹ gbígbóná bọ abẹ́ ìda, á ṣí i kúrò, á lẹ̀ ẹ́ mọ́ ìwé ayédèrú. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń fi okùn gún ìwé kọjá sínú ìda, tí wọ́n sì tún ń tẹ òǹtẹ̀ kékeré sẹ́yìn rẹ̀. Torí náà, kí òfin yín so oògùn mọ́ ọ̀rọ̀ inú ìwé, kì í ṣe mọ́ ìda nìkan. Bí olóòǹtẹ̀ bá kú ńkọ́? Ní Róòmù, wọ́n máa ń ba òrùka póòpù, tó jẹ́ òǹtẹ̀ èdìdì rẹ̀ nígbà kan rí, jẹ́ bí póòpù bá ti papòdà.