Ṣé ó burú kí a máa wo fíìmù kọ́ńfù aláwàdà nílé?

ÌBÉÈRÈ: Àsàláàmù àléékùm, Àáfà wa. Gbogbo alẹ́ Sátidé ni bàbá àwọn ọmọ mi máa ń ki fúláàṣì bọ tẹlifíṣọ̀n, tí òun àtàwọn ọmọ wa ọkùnrin méjì, ọmọ ọdún 7 àti 9, á jọ máa wo fíìmù Jackie Chan, òṣèré kọ́ńfù aláwàdà nì. Ẹ̀rín wọn, ará ilé kejì ń gbọ́ ọ. Àbúrò ọkọ mi ní hárámù (èèwọ̀) ni, pé ẹ̀rín ń pa ọkàn, kí n fọ́ fúláàṣì náà. Kí ni kí n ṣe?

ÌDÁHÙN: Wà áléékùmù sàláàmù, arábìnrin mi. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì fọ́ nǹkan kan. Inú hádíìsì ni àbúrò ọkọ yín ti mú ọ̀rọ̀ ẹ̀rín yẹn lóòótọ́, ṣùgbọ́n ó gbé ìdajì rẹ̀ mì. Àrínjù ẹ̀rín ni Ànábì (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) ní ó ń pa ọkàn. Òun fúnra rẹ̀ a máa bá àwọn èèyàn rẹ̀ ṣàwàdà, kò kàn jẹ́ parọ́ sí i ni.

Ìjà wíwò ńkọ́? Lọ́jọ́ ọdún kan ní Mẹ̀dínà, àwọn ará Hábáṣà (Etiópíà) ń fi ọ̀kọ̀ ṣeré nínú mọ́sáláásí. Ànábì fi aṣọ ìlékè rẹ̀ bo Áíṣà ìyàwó rẹ̀, ó jẹ́ kó máa wò wọ́n láti ẹ̀yìn òun, kò sì kúrò níbẹ̀ títí ó fi sú Áíṣà fúnra rẹ̀. Bukhari àti Muslim, àwọn tó kó hádíìsì jọ, ló gbà á wá. Ibi "títí ó fi sú u" yẹn máa ń wù mí.

Àwọn àáfà kan ní irọ́ ni fíìmù látòkèdélẹ̀. Èmi ò rí i bẹ́ẹ̀, torí ẹni tó ń wò ó mọ̀ pé eré ni. Èmi náà wò ó nígbà tí mo wà ní ilé kéú, kí n má purọ́. Ohun tó ń dùn níbẹ̀ ni pé ẹni tó ń jà kì í ṣe akọni tí kì í mọ ìrora: á gbá ẹ̀ṣẹ́ mọ́ ògiri, á gbọn ọwọ́, á fẹ́ atẹ́gùn sí i, á tún padà sídìí ìjà. Àga ni o, àkàbà ni o, ohun tó bá bá lọ́wọ́ ló fi ń jà.

Èyí tó ń kọ mí lóminú ni Drunken Master, fíìmù Jackie Chan ti ọdún 1978. Ọ̀mùtí paraku ni ọ̀gá tó ń kọ́ ọ̀dọ́mọkùnrin inú fíìmù náà níjà, ọtí ló sì ń fún wọn lágbára. Àgbà á rẹ́rìn-ín, á gbàgbé. Ọmọ ọdún 7 á rí i pé ọtí ni oògùn agbára, bẹ́ẹ̀ súúrà Máídà, ẹsẹ 90, pè é ní ẹ̀gbin, iṣẹ́ èṣù. Kí bàbá wọn yọ ìyẹn kúrò. Bí obìnrin tí aṣọ ò bo ara rẹ̀ bá yọjú, rìmóòtù wà fún un.

Àwọn ọmọ á fẹ́ dán ìjà náà wò lórí bẹ́ẹ̀dì, ẹ mọ̀ bẹ́ẹ̀. Kí bàbá wọn má tètè paná tẹlifíṣọ̀n bí fíìmù bá parí. Ní ìparí Armour of God, ti ọdún 1986, wọ́n fi bí Jackie Chan fúnra rẹ̀ ṣe já bọ́ láti orí igi ní Yugoslavia hàn, tí orí rẹ̀ gbá òkúta, tí agbárí rẹ̀ sì fọ́. Kí wọ́n wo ìyẹn dáadáa. Kí ẹ sì sọ fún wọn pé Ànábì kọ̀ kí á lu èèyàn lójú.

Aago mélòó ni fíìmù ń parí? Ẹ ò sọ fún mi, ibẹ̀ gan-an ni mo sì fẹ́ mọ̀. Ànábì kì í fẹ́ ìtàkúrọ̀sọ lẹ́yìn ìrun Ìṣáì. Bó bá jẹ́ aago kan òru ni wọ́n ń sùn, ta ló ń jí fún Àsùbáà ní Sọ́ńdè? Ẹ fi ohùn pẹ̀lẹ́ bá ọkọ yín sọ ọ́, kó gbé e sí ẹ̀yìn ìrun Alásárì. Fíìmù á ti parí kí wọ́n tó pe Mọ̀gàríbì.

Ní ti fúláàṣì, ohun ìní ọkọ yín ni. Kò sí àṣẹ fún yín láti fọ́ ọ, ká má tíì sọ àbúrò rẹ̀. Ọlọ́hun ló mọ̀ jù.