Èsì: Ẹ má fi àkọlé to àwo orin

Ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ bèèrè bóyá àkọlé lẹ máa fi to rẹ́kọ́ọ̀dù àti ìwé orin ẹgbẹ́ akọrin ní láíbìrì ṣọ́ọ̀ṣì yín n'Ìkẹ́rẹ́-Èkìtì. Rárá o. Àwo tó ń jẹ́ "Vol. 2" ti pọ̀ jù! Nọ́ńbà tí iléeṣẹ́ tó gbé àwo jáde tẹ̀ sára lébẹ̀lì àárín àwo ni kẹ́ ẹ kọ sílẹ̀, kẹ́ ẹ sì fi tò ó. Ní MARC, ìyẹn ètò tí láíbìrì fi ń kọ àkọsílẹ̀ sínú kọ̀ǹpútà, 028 ni àyè rẹ̀. Ẹ má wò ó lára páálí nìkan, torí àwo mìíràn lè ti wọ inú rẹ̀. Ìwé orin alámì ń lọ sí M nínú ètò LC (ètò ìtòwé ti Library of Congress, láíbìrì ńlá l'Amẹ́ríkà), ìwé nípa orin sí ML, ìwé ìkọ́ni sí MT. Ẹ ka iye ẹ̀dà ìwé ohùn sòpúránò, áàtò, tẹ́nọ̀ àti báàsì lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Kí àwo dúró ṣánṣán. Èyí tó bá fẹ̀gbẹ́ ti, yóò wọ́.