Ta ni Mari Okada, báwo ló sì ṣe dédìí kíkọ anime, ìyẹn kátúùnù ilẹ̀ Jàpáànì?

Òǹkọ̀wé ará Jàpáànì ni. Ìlú Chichibu ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1976. Nígbà tó wà lọ́mọdé, kì í fẹ́ lọ sílé ìwé, inú ilé ló máa ń há ara rẹ̀ mọ́. Fíìmù olówó pọ́ọ́kú orí fídíò ló kọ́kọ́ ń kọ, kó tó bọ́ sídìí anime ní 1998. Anohana (2011), anime orí tẹlifíṣọ̀n kan, ló gbé orúkọ rẹ̀ jáde gan-an: ìtàn ọmọkùnrin kan tí kì í lọ sílé ìwé mọ́, tí ọ̀rẹ́ rẹ̀ obìnrin tó ti kú déédéé yọ sí i nílé. Ìlú Chichibu gan-an ni wọ́n yà sínú anime náà, títí kan afárá àtijọ́ ìlú náà. Ẹ ò rí i pé ọ̀rọ̀ ara rẹ̀ ló ń sọ? Ní 2018, òun fúnra rẹ̀ ló darí fíìmù anime Maquia.