Kí ni «abracadabra» túmọ̀ sí? Ṣé ọfọ̀ ni?

Kì í ṣe irú ọfọ̀ tiwa. Ibi tó pẹ́ jù tí a ti rí i ni ìwé ìwòsàn tí Serenus Sammonicus, ará Róòmù, kọ: oògùn ibà ni. Wọ́n á kọ ọ́ sórí ìwé, wọ́n á máa dín lẹ́tà kan kù ní ìlà kọ̀ọ̀kan, láti 11 títí yóò fi ku ẹyọ kan ṣoṣo, kí ibà náà lè máa rọ̀ bẹ́ẹ̀. Aláìsàn á wá so ó mọ́ ọrùn. (Tírà náà nìyẹn, ká má parọ́.) Lónìí, onídán ló ń lò ó. Ọfọ̀ tiwa ní Kétu ń sọ ọ̀rọ̀ tó yé ẹni: wo ewé pèrègún ẹ̀yìnkùlé, «pe ire» wà lẹ́nu orúkọ rẹ̀.