Orin ìyá àwọn Batak lẹ́nu ọmọ wa

Ìbéèrè: Manchester la wà. Ọmọkùnrin mi, ọmọ ọdún 14, ní ọ̀rẹ́ kan tó jẹ́ Batak láti Indonéṣíà. Orin tí wọ́n ń kọ nípa ìyá ló ń gbọ́ ṣáá, omi a sì máa bọ́ lójú rẹ̀. Tiwa kò wù ú gbọ́. Ṣé kí n dá a lẹ́kun?

Ìdáhùn: Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má dá a lẹ́kun. Rotterdam ni mo wà, ìdílé Batak kan sì múlé tì wá, ará ẹ̀bá adágún Toba ní àríwá Sumatra. Lọ́hùn-ún, àwọn ọkùnrin a máa fi gìtá àti ohùn mẹ́ta kọrin ìyá nílé ẹlẹ́mu. Nahum Situmorang, tó kú ní 1969, ṣe orin kan tí gbogbo wọn mọ̀: òbí ń ṣiṣẹ́ tọ̀sántòru kí ọmọ lè kàwé, torí ọmọ lọrọ̀ rẹ̀. Ta ni nínú wa tí kò mọ òbí yẹn? Bí ìyá bá kú, àwọn obìnrin a máa fi andung dárò rẹ̀, wọn a sunkún, wọn a fi ọ̀rọ̀ ìjìnlẹ̀ sọ ọ́ dorin. Ẹni tó ti gbọ́ ẹkún ìyàwó rí yóò lóye rẹ̀.

Nígbà tí ìyá àgbà ìdílé Batak tó múlé tì wá kú, ọmọbìnrin mi bá wọn gbe orin, ó bá wọn sunkún. Lọ́dún yẹn kan náà, màmá mi pè láti Ògbómọ̀ṣọ́, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í ki ọmọ náà. Ó gbé fóònù sórí tábìlì, ó bọ́ sí yàrá. Màmá mi ò mọ̀. Wọ́n ń kì í lọ, títí dé orílẹ̀ bàbá rẹ̀. Mi ò lè sọ fún wọn pé kò sí níbẹ̀ mọ́. Màmá mi ti dolóògbé báyìí. Mi ò tíì bi ọmọ náà ìdí tó fi ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹ̀rù èsì rẹ̀ ń bà mí.

Kí ẹnikẹ́ni má sì sọ pé a ò gbìyànjú. Iṣẹ́ òru ni mò ń ṣe nígbà tí ọmọbìnrin mi ń kọ́ ọ̀rọ̀ sọ. Ìyá Batak yẹn ń kọrin nílé. Èmi á ti iṣẹ́ dé, màá sùn.

Ẹ bá ọmọkùnrin yín jókòó gbọ́ orin náà, kó sọ ìtumọ̀ rẹ̀ fún yín. Bí ìyá yín bá wà láyé, kí wọ́n kì í, àmọ́ kí ẹ wà níbẹ̀, kí ẹ máa túmọ̀ rẹ̀ bó ṣe ń lọ. Bí tiwa ṣe máa wá wù ú fúnra rẹ̀, mi ò tíì rí ọ̀nà rẹ̀. Bí ẹ bá rí i, ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ̀wé sí mi.